Àmín Tó Wọ Inú Àwo

Bí ẹ bá wọ bọ́ọ̀sì 472 láti Woolwich lọ sí Thamesmead, tí ẹ gbọ́ tí ọkùnrin kan ń kí dírẹ́bà káàárọ̀ bí ẹni pé ẹgbẹ̀rún èèyàn ló jókòó sẹ́yìn, ẹ má wulẹ̀ yíjú. Uncle Gbémiga Oyèdìran ni. Bó ṣe ń kí dírẹ́bà ló ṣe ń ní kí ìyàwó ẹ̀ gbé iyọ̀ wá, bẹ́ẹ̀ náà ló sì ṣe ń bá Ọlọ́run sọ̀rọ̀. Ohùn kan ṣoṣo ló ní, kò sì sí bọ́tìnnì tí wọ́n fi ń yí i wálẹ̀.

Iṣẹ́ kíà, ìyẹn iṣẹ́ ìtọ́jú, lèmi Alice àti òun jọ ń ṣe, ní ilé àwọn arúgbó kan lápá Abbey Wood. Bàbá òyìnbó kan wà níbẹ̀ tí etí ẹ̀ ti di, ẹ̀rọ kékeré kan ló fi ń gbọ́rọ̀. Bó bá ti gbúròó Uncle Gbémiga ní kọ́rídọ̀, á yọ ẹ̀rọ náà kúrò létí, á jù ú sínú ife tó ń rẹ eyín ẹ̀ sí, á wá jókòó jẹ́ẹ́. Ó ní òun ṣì ń gbọ́ gbogbo ẹ̀ láìku ẹyọ kan.

Ṣé ẹ rí i, òṣèré orí ìtàgé ni Uncle wa, àbí kí n sọ pé ohun tó sọ fún wa nìyẹn. Nígbà tó wà lọ́dọ̀ọ́, ó bá ẹgbẹ́ onítíátà alárìnkiri kan yí gbogbo Èkìtì àti Oǹdó ká. Inú lọ́rì ni wọ́n ń sùn, gbọ̀ngàn ìlú ni wọ́n ti ń ṣeré, kò sí máìkì, àfi kí ẹni tó jókòó sẹ́yìn pátápátá gbọ́ ẹ, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ á gba owó ẹ̀ padà. Mo gba ìyẹn gbọ́. Ipò tó wà nínú ẹgbẹ́ náà ni mi ò gbà. Nígbà tí mo kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n, ìránṣẹ́ ọba ló máa ń ṣe nínú eré. Nígbà tó yá, ó di balógun. Ní báyìí, òun lọba, òun náà ló sì ń kọ́ àwọn yòókù léré. Ìtàn yẹn ń gba ìgbéga ju ẹnikẹ́ni nínú wa lọ níbi iṣẹ́.

Nígbà tí fíìmù fídíò dé, tó sì tú àwọn onítíátà ká, wọ́n pe òun náà sínú ọ̀kan. Ó bú ramúramù débi pé ẹni tó ń gba ohùn sílẹ̀ já nǹkan etí ẹ̀ jù sílẹ̀. Fíìmù wá jáde, ohùn ọmọkùnrin kan tó rí tín-ínrín ni wọ́n fi sí i lẹ́nu. Ẹnu Uncle ń lọ sọ́tùn-ún, ohùn ọlọ́hùn ń lọ sósì. Ó wò ó lẹ́ẹ̀kan, kò tún wò ó mọ́. Ó ní ọjọ́ náà lòun mọ̀ pé ẹ̀rọ ń jowú òun. Títí di òní, bí wọ́n bá gbé máìkì fún un ní ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ̀yìn ọwọ́ ló fi ń tì í dànù bí ẹni tí wọ́n gbé ọbẹ̀ tó ti kan fún.

Ẹnì kan ṣoṣo ló wà láyé yìí tó wu Uncle Gbémiga pé kó yin òun, ẹni náà ni ìyàwó ẹ̀. London ni wọ́n ti pàdé, lẹ́yìn tí eré ti parí, nítorí náà Auntie Keziah kò rí i lórí ìtàgé rí. Ó ń ta ẹ̀wà àti gààrí ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan ní Plumstead, ojú ẹ̀ sì mú. Bí o bá sọ fún un pé ẹ̀wà ẹ ò ní kòkòrò, á kọ́kọ́ dà á sórí tábìlì wò. Ohun tí kò bá rí, kò sí. "Òṣèré Pálọ̀" ló ń pe ọkọ ẹ̀. Ìjọ kan náà la jọ ń lọ, àga kejì níwájú sì ni tiẹ̀, ṣùgbọ́n lọ́dọọdún tí a bá ń ṣe eré Ìkórè ní ṣọ́ọ̀ṣì, á ní òun ò lè ti ṣọ́ọ̀bù nítorí ariwo tóun ń gbọ́ lọ́fẹ̀ẹ́ nílé. Ìlérí, ọmọ kan ṣoṣo tí wọ́n bí, ti lọ sí Kánádà. Ó ti pẹ́ tó ti wálé, ká má sì purọ́, ìpè ẹ̀ pàápàá ti ń wọ́n. Bó ṣe di pé àwọn méjèèjì nìkan ló kù sínú fúláàtì nìyẹn, ọ̀kan ń pariwo, èkejì ń sọ pé òun ò tíì gbọ́ nǹkan kan.

Lọ́jọ́ kan tí a jọ ń dúró de bọ́ọ̀sì, ó bá mi sọ̀rọ̀ àṣírí, ìyẹn ni pé àwọn tó wà níbi bọ́ọ̀sì nìkan ló gbọ́. Ó ní òun ò bẹ̀rù ikú. Ohun tó ń ba òun lẹ́rù ni kóun kú, kí Keziah sì máa rò pé gbogbo ayé òun, irọ́ lòun fi pa. Mo rẹ́rìn-ín. Ó dùn mí náà, ṣùgbọ́n ẹ̀rín ló kọ́kọ́ jáde.

Irfan ló wá dá wàhálà sílẹ̀. Ọmọkùnrin kan ni tó ń ṣiṣẹ́ fún ẹgbẹ́ oníṣẹ́ ọnà létí adágún Southmere, irú àwọn tó máa ń fún wa ní tíì àti bisikíìtì, tí wọ́n á ní ká wá sọ bó ṣe rí lára wa bí àwọn onílé ṣe ń wó ilé wa lulẹ̀. Ṣùgbọ́n lọ́tẹ̀ yìí, nǹkan gidi ló gbé wá. Ó ní láyé àtijọ́, kí fíìmù tó mọ ọ̀rọ̀ọ́ sọ, wọ́n máa ń kó àwọn òṣèré orí ìtàgé wá síwájú ìwo ńlá kan tí wọ́n fi irin ṣe. Òṣèré á sọ̀rọ̀ sínú ìwo, abẹ́rẹ́ á sì gbẹ́ ohùn náà sára àwo. Ẹ̀yìn ìyẹn ni kámẹ́rà á tó dé. Wọ́n á gbé àwo sórí giramafóònù, òṣèré á wá máa fi ẹnu lásán tẹ̀lé ohùn ara ẹ̀. Ọjọ́ tí wọ́n bá fẹ́ fi han aráyé, wọ́n á ṣí àwòrán àti àwo lẹ́ẹ̀kan náà, wọ́n á wá máa gbàdúrà kí méjèèjì pàdé lọ́nà. Irfan fẹ́ ṣe é bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́, pẹ̀lú àwa ará àdúgbò.

Ó wá ṣàlàyé ẹ̀ fún wa ní ṣọ́ọ̀ṣì lẹ́yìn ìsìn. Ó ní ìwo yìí ò lo iná mànàmáná, ẹni tó bá rọra sọ̀rọ̀ sí i, òfo ló máa bá lórí àwo. Bó ṣe sọ gbólóhùn yẹn, gbogbo wa yíjú sí ẹnì kan ṣoṣo. Uncle Gbémiga ti dìde. Ó ní ogójì ọdún lòun ti ń dúró de ẹ̀rọ tó ní làákàyè.

Àmọ́ Ṣògo ló kọ́kọ́ gbìyànjú ẹ̀. Físà kíà ló gbé Ṣògo wá, kò tíì pẹ́ tó dé. Ó ti ṣe fíìmù nílé rí, ojoojúmọ́ ló sì ń gbé fídíò ara ẹ̀ sórí fóònù. Á rọ ojú, á wá máa sọ̀rọ̀ wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́ bí ẹni tó ń tan ọmọ kó lè lo oògùn. Ó dúró síwájú ìwo, ó sunkún, omi gidi jáde lójú ẹ̀, díẹ̀ ló kù kí èmi náà bá a sun ún. Nígbà tí Irfan gbé àwo náà fún wa gbọ́, kò ju bí ìgbà tí èèrà ń jẹ bébà lọ. Uncle Gbémiga fi ọwọ́ gbé etí ẹ̀ síwájú, ó ní kí wọ́n jọ̀ọ́ kí wọ́n sún un sókè díẹ̀, òun fẹ́ gbọ́ ẹkún àwọn òde òní. Bí àwo kan ṣe lọ nìyẹn. Àwo irú ẹ̀ kò sì wọ́pọ̀ mọ́, ẹyọ kan péré ló kù lọ́wọ́ Irfan.

Inú ṣọ́ọ̀ṣì wa ni wọ́n ti gba ohùn Uncle Gbémiga sórí àwo tó kù náà, nítorí ibẹ̀ ló dákẹ́ jù bí a ò bá sí níbẹ̀. Ẹni tó bá mọ ìjọ aláṣọ funfun mọ̀ pé a kì í wọ bàtà wọlé. Irfan náà bọ́ tiẹ̀ sẹ́nu ọ̀nà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tiwa, ihò wà lẹ́nu ìbọ̀sẹ̀ ẹ̀, àtàǹpàkò ẹ̀ ń yọjú wò wá. Ó gbé ìwo sáàárín gbọ̀ngàn, ẹnu ìwo kọjú sẹ́nu ọ̀nà. Uncle Gbémiga dúró síwájú ìwo, ó kẹ̀yìn sẹ́nu ọ̀nà. Àwa tó wá wòran, Irfan tò wá mọ́ ògiri lọ́tùn-ún lósì, kí ìwo má baà gbé èémí wa. Ó kìlọ̀ fún wa pé ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ rẹ́rìn-ín, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ wúkọ́. Kò rántí dárúkọ Àmín. Ta ló máa dá a lẹ́bi?

Eré tí Uncle yàn ni ti bàbá kan tó ń súre fún ọmọ ẹ̀ tó ń rin ìrìn àjò. Ó ti kọ ọ́ sílẹ̀, wọ́n sì ti túmọ̀ ẹ̀ fún Irfan. Ṣùgbọ́n òṣèré alárìnkiri kì í sọ ohun tó kọ. Ojú àwọn èèyàn tó bá bá nílùú ló ń wò. Bó bá dé ìlú olóko kòkó, á fi kòkó sí i. Bó bá dé etí omi, á fi ẹja sí i. Ó wá dé Thamesmead, láàárín àwọn tó wá fi físà ṣiṣẹ́ kíà, kí lẹ rò pé ó máa fi sí i?

Abẹ́rẹ́ kan àwo, ó bẹ̀rẹ̀. Ó ní ọmọ òun, ibi tó ń lọ, ojú ò ní tì í. A dákẹ́. Ó ní òtútù ibẹ̀ ò ní wọ inú egungun ẹ̀. Mo ki ètè bọ ẹnu, mo jẹ ẹ́ mọ́lẹ̀. Ó wá ní físà tó gbé e wọlé kò ní parí mọ́ ọn lórí, ilé iṣẹ́ tó gbà á kò ní pàdánù láísẹ́ńsì tó fi ń gba àlejò síṣẹ́. Ẹ gbà mí! Ẹ̀ bá wo ojú àwọn ọmọ tó wà lára ògiri yẹn. Ṣògo ti fi ọwọ́ méjèèjì di ẹnu. Kò pẹ́ tí gbogbo wa fi dijú, nítorí ẹni tí wọ́n bí sínú àdúrà, bó bá ti ń gbọ́ kò ní, kò ní, ojú ẹ̀ á pa dé fúnra ẹ̀. Irfan nìkan ló lajú, abẹ́rẹ́ ló sì ń wò.

Uncle Gbémiga gbé ọwọ́ méjèèjì sókè.

"Ọ̀nà tó gbé ọ lọ kò ní gbàgbé rẹ síbẹ̀," ó ní. "Òun náà ni yóò gbé ọ padà wá. Ìyá rẹ yóò fi ojú ara rẹ̀ rí ọ, yóò fi ọwọ́ ara rẹ̀ bu oúnjẹ fún ọ."

Àmín bú jáde. Mi ò lè sọ ibi tó ti bẹ̀rẹ̀, torí èmi náà ti pariwo tèmi kí n tó rántí pé wọ́n ti kìlọ̀ fún wa. Ògiri ọ̀tún dá a, ògiri òsì gbè é. Irfan tó ti ń fi ìka lé ètè láti àárọ̀ pé ká dákẹ́, òun náà sọ Àmín bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ ní mọ́ṣáláṣí bàbá ẹ̀, ó wá fi àtẹ́lẹwọ́ bo ojú.

Àwọn àgbà ní ẹyin lohùn, bó bá ti bọ́, kò ṣeé kó. Àwo ti tán. Uncle Gbémiga ní ẹnì kan ló dìídì dá Àmín náà sílẹ̀ láti ba iṣẹ́ òun jẹ́, òun sì mọ ẹni náà. Gbogbo ojú bá yí sí Ṣògo tí èèrà jẹ bébà rẹ̀. Ṣògo fi ìyá ẹ̀ búra pé òun kọ́ lòun kọ́kọ́ ṣe é. Kò sẹ́ni tó gbà á gbọ́, èmi náà ò gbà á gbọ́. Uncle jáde tìbínú tìbínú, ó ki ẹsẹ̀ bọ bàtà lẹ́nu ọ̀nà, ló bá fò sókè. Kọ́kọ́rọ́ ilé ẹ̀ ló gún un látẹ́lẹsẹ̀, kọ́kọ́rọ́ tó ti ń wá nínú gbogbo àpò ẹ̀ láti òwúrọ̀. Ó ní ó ti yé òun wàyí, bàtà òun náà wà nínú ẹgbẹ́ ọ̀tá.

Irfan ní nǹkan tó ti wà lórí àwo ti wà níbẹ̀, ká máa bá a lọ. Etí adágún ni wọ́n ti ya àwòrán, níwájú ilé kọnkéré tí wọ́n ti wó dé ìdajì. Uncle wọ agbádá, afẹ́fẹ́ sì fẹ́ gbé òun àti agbádá lọ. Giramafóònù ń ké lábẹ́lẹ̀, àwọn pẹ́pẹ́yẹ ń dá sí i, ekukáká la fi ń gbọ́ ohun tó wà nínú àwo. Ọkùnrin tí kò bá ẹnikẹ́ni fohùn ṣọ̀kan rí, òun ni wọ́n ní kó wá bá ara ẹ̀ fohùn ṣọ̀kan. Ó bá àwo jà. Ó ní kì í ṣe bóun ṣe sọ ọ́ nìyẹn, àwo ti ń kánjú jù. Bó bá lanu, ọ̀rọ̀ ti kọjá. Bó bá sáré bá a, á tún yà á sílẹ̀. Nígbà tó kan Àmín, òun náà ṣe Àmín sí àdúrà ara ẹ̀. Irfan yí ọwọ́ kámẹ́rà títí apá fi ń ro ó, ó wá ní ó ti tó.

Ọ̀sán Sátidé ni wọ́n fi hàn wá, ní gbọ̀ngàn tó wà létí adágún náà. Ẹ ò ní gbà mí gbọ́, Auntie Keziah ti ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù, ó sì wá. Ó sọ fún mi pé gbogbo Plumstead ti ròyìn Àmín fóun, òun wá fojú ara òun rí ìtìjú náà ni. Ó jókòó níwájú pátápátá, báàgì lórí itan. Ẹ̀yìn pátápátá ni Uncle jókòó sí. Àánú ẹ̀ ṣe mí. Láti ọjọ́ tó ti ń retí pé kí obìnrin yìí wo òun, ohun tí obìnrin náà máa wá rí ni ẹnu tí kò bá ohùn mu, irú ẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì láyé Uncle.

Irfan ti fi kọ̀ǹpútà fọ ohùn náà mọ́, ó sì ti gbé sípíkà ńlá sẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ funfun tí àwòrán máa hàn lára ẹ̀. Iná kú. Uncle yọ gànràn-gànràn, agbádá ń fẹ́ lẹ́lẹ́. Ohùn jáde, ẹnu ò tíì ṣí. Ẹnu wá ṣí, ohùn ti lọ. Ẹ̀rín bú nínú gbọ̀ngàn, mo sì ń rí èjìká Auntie Keziah tó ń mì níwájú. Ó rín in títí ó fi nu ojú. Òtútù kọjá, físà kọjá, láísẹ́ńsì kọjá. Ọ̀nà tó gbé ọ lọ kò ní gbàgbé rẹ síbẹ̀. Ìyá rẹ yóò fi ojú ara rẹ̀ rí ọ.

Nínú àwo, obìnrin kan ló kọ́kọ́ dá Àmín, òun nìkan, kí ariwo tiwa tó dé rárá. Àmín gbọọrọ kan, tó gun òkè, tó dúró díẹ̀, tó wá fi "Bàbá, ṣe é" sọ̀ kalẹ̀. Kò sẹ́ni tí kò mọ Àmín yẹn nínú ìjọ wa. Ọjọ́ ìsinmi kọ̀ọ̀kan la ń gbọ́ ọ láti àga kejì níwájú, Bàbá Ìjọ gan-an máa ń dúró dè é kó parí.

Mo rántí kọ́kọ́rọ́. Mo rántí bàtà. Nílé ni Uncle gbàgbé kọ́kọ́rọ́ sí lọ́jọ́ náà, ìyàwó ẹ̀ ló gbé e wá. Ó dé ẹnu ọ̀nà níbi tí ìwo kọjú sí, ó bá ọkọ ẹ̀ tó kẹ̀yìn, ó bá gbogbo wa tí a dijú. Ó dúró gbọ́. Ó ṣe Àmín. Ó wá ju kọ́kọ́rọ́ sínú bàtà, ó yọ́ lọ, ó sì jẹ́ ká di ẹ̀bi ru Ṣògo láti ọjọ́ náà wá.

Iná tàn. Gbogbo ọrùn ti yí síwájú. Ṣògo káwọ́ mọ́ àyà, ó ń wò ó bí ẹni tí wọ́n jẹ ní gbèsè.

"Kí lẹ ń wò?" ni Auntie Keziah wí. "Àdúrà ni mo ṣe Àmín sí. Wọ́n ní ọmọ á padà wá bá ìyá ẹ̀. Ṣé èmi ò lọ́mọ ni?"

Uncle Gbémiga ti dìde lẹ́yìn. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo gbọ́ tó fi ohùn èèyàn sọ̀rọ̀, ohùn kékeré bíi ti gbogbo wa.

"Ìyá Ìlérí," ó ní, "eré ni mo ń ṣe."

Auntie Keziah ò yíjú. Báàgì orí itan ẹ̀ ló ń wò.

"Mo gbàgbé pé eré ni."

Mo ń retí kí ọkùnrin náà fi ayọ̀ bú ramúramù. Ńṣe ló jókòó, ó fi apá agbádá bo ojú, ó sunkún bí Ṣògo ṣe sun ún níwájú ìwo, láìsí ariwo. Inú mi dùn sí i, ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́, bó tiẹ̀ jẹ́ pé mo mọ̀ pé àwa tí a ń wọ 472 ló máa jìyà ẹ̀, nítorí ibẹ̀ ló ti máa ròyìn ẹ̀ lójoojúmọ́.

Nígbà tó yá, Uncle ní kí Irfan jọ̀ọ́ kó tún un gbé. Iná tún kú. Ohùn tún ń lọ, ẹnu tún ń lé e. Mi ò wo ara aṣọ funfun mọ́, àga iwájú ni mo ń wò. Ó dé ibẹ̀. Auntie Keziah lanu, Àmín inú àwo àti Àmín ẹnu ẹ̀ sì jáde lẹ́ẹ̀kan náà, ọ̀kan ò ṣáájú èkejì.